Ti Ẹ̀gbọ́n Mi Ni Mọ́tò Yìí

Nọ́ńbà ló fa ìgbátí àkọ́kọ́ tí mo jẹ ní Nàìjíríà. Mò ń bọ̀ láti Bọ́lọ́rundúró níbi tí mo ti ń ṣiṣẹ́ oko, mo di àpò kòkó sẹ́yìn ọ̀kadà ọ̀gá mi, mò ń lọ sí ìlú Oǹdó. Àwọn ọkùnrin kan ti gbé igi dábùú ọ̀nà. Aṣọ tí wọ́n wọ̀ kò bára mu, mi ò sì mọ ẹni tó rán wọn níṣẹ́. Èyí tó sanra jù nínú wọn yí ọ̀kadà náà po, ó bẹ̀rẹ̀ wo ìdí rẹ̀, ó ní, "Nọ́ńbà dà?"

Inú mi dùn pé mo gbọ́ ohun tó sọ. Kétu ni wọ́n ti bí mi, lápá ọ̀hún ẹnubodè, ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀. Èdè Faransé ti wọ inú Yorùbá tiwa bí Gẹ̀ẹ́sì ṣe wọ inú ti ibí. Irin tí wọ́n ń kàn mọ́ ìdí mọ́tò, páláàkì là ń pè é. Nọ́ńbà tí èmi mọ̀ ni èyí tí ọmọbìnrin tó ta káàdì fóònù fún mi ní kí n máa fún ẹni tó bá fẹ́ pè mí. Mo bá dúró ṣánṣán, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka nọ́ńbà fóònù mi fún ọ̀gá náà, díẹ̀díẹ̀, kó lè ráyè kọ ọ́ sílẹ̀.

Ó gbá mi létí. Kí n tó mọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ó ti gbá mi ní ìkejì. "O fi mí ṣe yẹ̀yẹ́? Ṣé mo ní mo fẹ́ fẹ́ ẹ ni?"

Àwọn yòókù fi bàtà wọn gún mi níhà títí mo fi ṣubú, kòkó sì dà sójú ọ̀dà. Mò ń pariwo pé kí ni mo ṣe, ṣùgbọ́n èdè Kétu ni mo fi ń pariwo, ìyẹn sì ń pa wọ́n lẹ́rìn-ín. Ẹ̀yìn ìgbà tó rẹ̀ wọ́n ni wọ́n wá nàka sí ìdí ọ̀kadà, ibi tí irin náà ti já sọnù sójú ọ̀nà oko. Mo kó kòkó mi nílẹ̀, mò ń tu ẹ̀jẹ̀ lẹ́nu.

Àwọn ènìyàn máa ń rò pé Yorùbá tó kúrò láàárín Yorùbá bọ́ sáàárín Yorùbá kò tíì rìnrìn àjò kankan. Irọ́ gbáà ni. Níbi tí o kò ti gbọ́ èdè rárá, wàá panu mọ́, wàá máa fọwọ́ júwe. Níbi tí o ti gbọ́ ọ díẹ̀, wàá lanu, ẹnu náà ni yóò sì kó bá ọ. Àjèjì lójú, kò fi ríran ni wọ́n ń wí. Èmi ní ẹnu pẹ̀lú, mi ò sì mọ bí wọ́n ṣe ń lò ó níhìn-ín.

Ọ̀gá mi ni ó ni oko náà. Olùkọ́ àgbà tó ti fẹ̀yìn tì ni, ọmọ bíbí ìlú Oǹdó, ilà Oǹdó sì wà lójú rẹ̀ gbàgàdà, ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ méjèèjì, láti abẹ́ ojú títí dé àgbọ̀n. Nígbà tó rí bí ojú mi ṣe wú, tí mo sì ròyìn fún un, ó kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín títí ó fi bọ́ gíláàsì ojú rẹ̀ nu. Mo bínú sí i gan-an. Àṣé ẹ̀rín yẹn kò dé inú. Ó gbé mi sínú mọ́tò rẹ̀, a padà síbi igi àwọn ọkùnrin náà, ó bọ́ sílẹ̀ tòun ti ọ̀pá ìtilẹ̀ rẹ̀.

"Ta lẹ lù?" Ó na ọ̀pá náà sí imú èyí tó sanra. "Mo ní ta lẹ lù? Àbúrò mi lẹ lù!"

"Ẹ má bínú, sà. A ò mọ̀ pé àbúrò yín ni."

Ọjọ́ yẹn ni mo di àbúrò. Èmi yìí, àkọ́bí ìyá mi, tí gbogbo ilé wa ní Kétu ń pè ní ẹ̀gbọ́n, mi ò pe ẹnikẹ́ni ní ẹ̀gbọ́n nílé wa rí. Ó kọ́kọ́ ṣàjèjì lẹ́nu mi. Nígbà tó yá, ó mọ́ mi lára, mi ò sì tún pe ọkùnrin náà ní ọ̀gá mọ́. Ẹ̀gbọ́n ni mò ń pè é, bẹ́ẹ̀ náà ni màá sì máa pè é níhìn-ín.

Mo ṣiṣẹ́ oko fún un, mo sì dá oko tèmi sí ẹ̀gbẹ́ tirẹ̀, ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni mo gbìn. Àwọn ará ibẹ̀ kì í ṣe ènìyàn burúkú, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti bẹ̀rẹ̀ èdè Oǹdó láàárín ara wọn, mo di igi tí wọ́n gbìn sáàárín yàrá. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, bí gbogbo wọn bá rẹ́rìn-ín, èmi náà á rẹ́rìn-ín lẹ́yìn wọn, obìnrin tó wà níwájú mi á sì bojú wẹ̀yìn wò mí. Àwọn ọjọ́ Sunday wọ̀nyẹn burú fún mi ju ọjọ́ tí wọ́n nà mí lọ. Màá lọ sí orí àpáta tí fóònù ti máa ń gbé dáadáa, màá pe ìyá mi.

"Ṣé wọ́n ń gbọ́ ohun tí o ń sọ?" Ìyá mi máa ń pariwo sínú fóònù bí ẹni pé òun fúnra rẹ̀ ló fẹ́ gbé ohùn náà dé Oǹdó.

"Wọ́n ń gbọ́, Ìyá."

"Ṣé wọn kì í nà ọ́?"

"Ta ni yóò nà mí?"

"Àjò kì í dùn kí onílé má relé o."

Mo ti ń fi ọ̀gẹ̀dẹ̀ ránṣẹ́ sí Àkúrẹ́ nínú mọ́tò onímọ́tò fún ìgbà pípẹ́ kí n tó ra pikọ́ọ̀pù. Owó mi ni mo fi rà á, gbogbo ẹni tó wà lóko ló mọ̀. Àwọ̀ ewé ni, ilẹ̀kùn rẹ̀ kan kì í ṣí láti inú. Èmi àti Ẹ̀gbọ́n lọ sí Àkúrẹ́ láti lọ sọ ìwé rẹ̀ di tèmi. Obìnrin tó jókòó ní kọ̀ǹtà béèrè NIN mi, ìyẹn nọ́ńbà tí ìjọba fi ń dá ènìyàn mọ̀. Mo ní mi ò ní in. Ó gbé ojú sókè.

"Ulé rẹ dà?" Ọmọ Àkúrẹ́ ni, ilé ni wọ́n ń pè ní ulé níbẹ̀.

"Kétu ni, mà."

"Kétu ti Èkó?"

"Rárá o. Kétu gan-an."

"Gan-an wo ló tún wà?"

Kí n tó dáhùn, Ẹ̀gbọ́n ti fi ìgbọ̀nwọ́ tì mí sẹ́yìn. "Ẹ kọ orúkọ mi sí i," ó ní. "Àbúrò mi ni. Kò sí ìyàtọ̀."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe kọ ọ́. Ìwé tó ń sọ ẹni tó ni mọ́tò, ìwé adójútòfò, ìwé pé mọ́tò náà yẹ lójú ọ̀nà, ìwé àṣẹ ìkẹ́rù, orúkọ Ẹ̀gbọ́n ló wà lára gbogbo wọn. Pátíkúlà ni wọ́n ń pe gbogbo rẹ̀ pọ̀. Ọdọọdún la sì ń sọ wọ́n dọ̀tun, nítorí ọjọ́ kan péré tó bá lé lórí ọ̀kan nínú wọn ti tó láti fi gba mọ́tò lọ́wọ́ ènìyàn. Nígbà tí mo kan nọ́ńbà náà mọ́ ọn, mo fi aṣọ mi nù ún, mo ya fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí ìyá mi.

"Ṣé ìwọ lo ni ín?"

"Èmi ni mo ni ín, Ìyá."

Etí rẹ̀ nìkan ni mo ti ń sọ bẹ́ẹ̀. Lójú ọ̀nà, ohun mìíràn ni mò ń sọ, ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe bẹ̀rẹ̀. Ọkùnrin kan tó ń kó ata ló wà níwájú mi nínú ìlà lọ́jọ́ kan, ní ẹ̀bá Oǹdó. Àwọn tó dí ọ̀nà bi í pé ta ló ni mọ́tò. Ó fi ọwọ́ lu àyà rẹ̀, ó ní, "Èmi! Ẹ̀jẹ̀ mi ni mo fi rà á!" Wọ́n ní ó ń gbéra ga. Wọ́n ju pátákó tí wọ́n kan ìṣó mọ́ sábẹ́ táyà rẹ̀, wọ́n fi irin fọ́ gíláàsì iwájú, wọ́n wọ́ ọ jáde láti ojú fèrèsé, ìgbáròkó rẹ̀ ń ya lára àfọ́kù ìgò. Ata rẹ̀ ń yí lójú ọ̀dà, wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, ẹyinjú gbogbo wa ń ta. Kò sí àléébù kankan nínú pátíkúlà rẹ̀. Ẹnu rẹ̀ ni wọ́n ń nà.

Wọ́n dé ọ̀dọ̀ mi. "Ta ló ni mọ́tò?"

"Ti ẹ̀gbọ́n mi ni, sà."

"Máa lọ."

Ọ̀rọ̀ náà dùn lẹ́nu mi bí oyin. Ó bá pátíkúlà mu, ó sì bá ìwà ọmọlúàbí mu, nítorí Yorùbá wo ló ń jókòó sínú ohun tó tó bẹ́ẹ̀ tó ń pariwo pé tèmi ni? Mo sọ ọ́ fún ẹ̀ṣọ́, mo sọ ọ́ fún àwọn onígareejì, mo sọ ọ́ fún oníbàárà mi ní Ìjàpọ̀, ládùúgbò kan ní Àkúrẹ́, nígbà tó bi mí ṣeréṣeré. Lolú, àkọ́bí Ẹ̀gbọ́n, wá láti Èkó lọ́dún kan, ó wọ mọ́tò mi dé Àkúrẹ́. Wọ́n dá wa dúró, mo sọ ọ́ lójú rẹ̀. Ó yíjú wò mí. Mo rò pé ó ń yìn mí ní ọkàn rẹ̀ ni.

Àrùn rọpá-rọsẹ̀ ló pa Ẹ̀gbọ́n. Mo sunkún rẹ̀ ju bí mo ṣe sunkún bàbá tó bí mi lọ, mi ò sì tijú láti sọ ọ́. Èmi wà lára àwọn tó gbé pósí rẹ̀. Nígbà tí wọ́n ń ka orúkọ àwọn àbúrò olóògbé ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo tẹ́tí títí wọ́n fi kà á tán.

Erùpẹ̀ ibojì rẹ̀ kò tíì gbẹ tí Lolú fi wá bá mi ní Ìjàpọ̀. Ọ̀sán gangan ni, mò ń já ọ̀gẹ̀dẹ̀ sílẹ̀ níwájú ṣọ́ọ̀bù oníbàárà mi. Ó mú àwọn ọkùnrin méjì kan lẹ́yìn, ọrùn wọn ki.

"Mú kọ́kọ́rọ́ mọ́tò bàbá mi wá."

Mo rò pé ó ń ṣàwàdà ni. "Lolú, ìwọ náà mọ ẹni tó ni mọ́tò yìí."

"Mo mọ̀ ọ́n. Ìwọ lo sọ ọ́ létí mi."

Mo ju odidi ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó wà léjìká mi lù ú. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn yín pé mo dúró bí àgùntàn. Mo fi orí kan imú ọ̀kan nínú àwọn tó mú wá, mo gbọ́ ọ tó kán. Èkejì fi irin jáàkì kàn mí léjìká, apá mi kú. Wọ́n dá mi dùbúlẹ̀ sórí ọ̀gẹ̀dẹ̀, wọ́n ń tẹ̀ mí láyà. Lolú wá lọ sídìí mọ́tò, ó ki irin bọ abẹ́ nọ́ńbà, ó já a kúrò. Ó ní òun fẹ́ rí bí màá ṣe gbé e rin láìní nọ́ńbà. Mo já ara mi gbà, mo gbá ọrùn rẹ̀ mú lẹ́yìn, mo ń fún un. Ojú rẹ̀ ti ń yọ síta kó tó yí padà pẹ̀lú páànù nọ́ńbà náà lọ́wọ́.

Mi ò kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n lára. Nǹkan lílọ́wọ́ọ́wọ́ kan ló ń dà sí mi láyà, oníbàárà mi sì ń ké Jésù. Mo fọwọ́ kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi, ìka mi wọlé. Àwọn kan gbé fóònù sókè, wọ́n ń ya fídíò mi. Lolú sọ irin ẹlẹ́jẹ̀ náà sẹ́yìn pikọ́ọ̀pù, wọ́n sì wà á lọ.

Wọ́n rán ojú mi ní ọsibítù. Ní àgọ́ ọlọ́pàá, wọ́n ní kí n mú pátíkúlà wá, mo mú ẹ̀dà rẹ̀ wá. Ọlọ́pàá tó kà á ní kí n jókòó. "Orúkọ bàbá Lolú ló wà níbí," ó ní. "O ní àbúrò rẹ̀ ni ọ́. Ọ̀rọ̀ ẹbí ni, ẹ lọ yanjú ẹ̀ nílé." Inú bí mi débi pé òwú ojú mi ń já. Mo pe ìyá mi lọ́jọ́ náà, mo sọ fún un pé mọ́tò mi wà dáadáa.

Mo fi àdá oko sínú àpò, mo wọ ọkọ̀ lọ sí Oǹdó. Mi ò ní parọ́ fún yín, mo fẹ́ pa á. Ní gbogbo ọ̀nà, ibi tí màá ti ṣá a ni mò ń rò.

Pikọ́ọ̀pù mi wà lójúde, ìdí rẹ̀ ṣófo. Lolú jókòó sórí bọ́nẹ́ẹ̀tì rẹ̀, ó ń jẹ ẹ̀pà. Bó ṣe rí mi tí mo fa àdá yọ, ó fò sílẹ̀, ó gbé ọmọ odó. Mo ṣá ọmọ odó náà, àdá ta padà. Ó fi í gún mi níkùn. A ń yí mọ́tò náà po, mò ń ṣá, ó ń fi ọmọ odó dí i, àpá àdá ń pọ̀ lára mọ́tò tí mò ń torí rẹ̀ jà. Ìyàwó Ẹ̀gbọ́n ló jáde síta. Màmá la máa ń pè é, aṣọ opó ṣì wà lọ́rùn rẹ̀. Ó rìn wọ àárín wa, kò sáré.

"Lolú, ta lo gé lójú yẹn?"

"Màmá, olè ni! Mọ́tò bàbá mi ló fẹ́..."

"Mo ní ta ni? Ta ló sọ fún ẹ pé mọ́tò bàbá ẹ ni?"

"Òun náà! Ẹnu ẹ̀ ló fi sọ ọ́. Ó ní ti ẹ̀gbọ́n òun ni."

"Ó dáa. Tí bàbá ẹ bá jẹ́ ẹ̀gbọ́n ẹ̀, kí ló jẹ́ sí ẹ?" Lolú sọ ọmọ odó sílẹ̀. "Àbúrò bàbá ẹ lo nà, tí o gé lójú, tí bàbá ẹ ò tíì jẹrà. O ò lè gba ìdajì ọ̀rọ̀ lẹ́nu ẹni kí o da ìdajì nù."

Mo ti fẹ́ máa dúpẹ́ nígbà tó yíjú sí mi. "Ìwọ ńkọ́? Ta lo gbé àdá wá bá? Ọmọ ẹ̀gbọ́n ẹ?" Ó wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi, ó mi orí. "Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo mọ̀ pé owó ẹ lo fi rà á. Ọkọ mi sọ fún mi. Ṣùgbọ́n sọ ọ́ tán lónìí. Ṣé àjèjì tó ni mọ́tò ni ọ́, àbí àbúrò ọkọ mi?"

Mi ò rí ìbéèrè tó le tó bẹ́ẹ̀ rí. Bí mo bá jẹ́ àjèjì, mo ni mọ́tò, mi ò sì ní ìwé. Bí mo bá jẹ́ àbúrò, mo lè gbé mọ́tò lọ, ṣùgbọ́n ogún ni wọ́n fún mi, kì í ṣe òógùn mi. Mo fẹ́ pariwo pé tèmi ni, kí gbogbo àdúgbò gbọ́. Mo wo aṣọ opó náà. Mo rántí ọ̀pá tí Ẹ̀gbọ́n nà sí imú ọkùnrin sísanra yẹn.

"Àbúrò wọn ni mí, mà," mo ní, mo sì ju àdá sílẹ̀.

Màmá ní kí Lolú dọ̀bálẹ̀ fún mi. Ó dọ̀bálẹ̀, ó ń payín keke. Ó fún mi ní kọ́kọ́rọ́ láìwo ojú mi. Mi ò dárí jì í lọ́jọ́ náà, kódà títí di ìsinsìnyí, ọkàn mi ṣì máa ń hó bí mo bá rí i. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo ti gba ìwé ìgbélùú tí mo sì ti ní NIN, òun ló bá mi lọ sí Àkúrẹ́, tó fọwọ́ sí i lórúkọ ẹbí pé kí wọ́n yí ìwé náà sí orúkọ mi. Wọ́n fún mi ní nọ́ńbà tuntun. Èmi fúnra mi ni mo kàn án.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí mo wà á jáde, mò ń dá a sọ lẹ́nu ní gbogbo ọ̀nà: tèmi ni, tèmi ni. Mo ti pinnu pé kí wọ́n nà mí bí wọ́n bá fẹ́. Ní ẹ̀bá Oǹdó, wọ́n ní kí n dúró. Mo ti na pátíkúlà mi jáde lójú fèrèsé. Ọkùnrin náà tẹ̀ síwájú, ó wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi, ibi tí àpá náà ti jinná tó sì dúdú, láti abẹ́ ojú títí dé àgbọ̀n. Ó rẹ́rìn-ín.

"Ọmọ Èkìmògún! Ẹ máa lọ, jàre."

Oríkì ọmọ Oǹdó nìyẹn. Kò gba ìwé náà. Ó da èdè Oǹdó bò mí, mo sì gbọ́ gbogbo rẹ̀. Mo wa mọ́tò lọ, tòun ti "tèmi ni" tí mi ò rí ẹni sọ ọ́ fún.

Àbúrò mi kan tó dé sílé ní Kétu láti Kútọnú ló wá jẹ́ kí ìyá mi rí mi lójúkojú nínú fóònù. Ìyá mi kọ́kọ́ pariwo ayọ̀. Lẹ́yìn náà, ó sún mọ́ fóònù títí ó fi ku ojú rẹ̀ kan ṣoṣo tí mò ń rí.

"Ta ló kọ ọ́ nílà?"

"Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ni, Ìyá."

"Ìwọ tí o jẹ́ àkọ́bí mi," ó ní, "níbo lo ti rí ẹ̀gbọ́n?"